Ọjà Jóná, Ta Ló Sanwó Rẹ̀?

Yorùbá ní ilé ọba tó jó, ẹwà ló bù sí i. Òwe ìtùnú ni, a sì máa ń pa á fún ẹni tí iná ṣe lọ́ṣẹ́ kí ọkàn rẹ̀ lè rọlẹ̀. Ohun tí òwe náà kò sọ ni ẹni tó ra páànù. Ọba ní ìlú tó máa wá bá a mọlé. Ìyá aláṣọ tí ìsọ̀ rẹ̀ jóná ní Balógun, ta ni yóò bá a tún tirẹ̀ ṣe?

Lọ́jọ́ 5, oṣù Kọkànlá, ọdún 2019, iná sọ ní ọjà Balógun ní Ìsàlẹ̀ Èkó. Lọ́jọ́ 5, oṣù Kìn-ín-ní, 2020, ọjà Akẹ̀sán, ọjà ọba tó ti wà láti ọjọ́ pípẹ́ ní ìlú Ọ̀yọ́, jó. Oṣù náà kò tíì parí tí iná tún fi padà sí Balógun, lọ́jọ́ 29. Wọ́n ní iná èsìsì kì í jóni lẹ́ẹ̀mejì. Iná ọjà kò gbọ́ nípa òwe yẹn. Lẹ́yìn iná kọ̀ọ̀kan, àríyànjiyàn kan náà ló máa ń bẹ́ sílẹ̀: kí ló fà á, ta ló jẹ̀bi, ta ni yóò san án? Ìdáhùn pọ̀, wọ́n sì ń ta ko ara wọn. A ó tẹ́ wọn sílẹ̀ níhìn-ín lọ́kọ̀ọ̀kan, kí a wo ibi tí ọ̀kọ̀ọ̀kan lágbára dé àti ibi tó ti mẹ́hẹ. Ìbéèrè kan ni mo fi ń wọn gbogbo wọn: ta ni ìdáhùn yìí ní kó mú owó jáde, ṣé kí iná tó sọ ni, àbí lẹ́yìn tó bá ti jó tán?

Kí ni a ń kà bí a bá ń ka owó iná?

Ìròyìn wa mọ ọ̀nà ìṣirò kan: dúkìá tó ṣòfò tó mílíọ̀nù báyìí, èyí tí panápaná dóòlà tó mílíọ̀nù báyìí. Ìfojúdá ni méjèèjì, orí eérú ni wọ́n sì ti sábà máa ń ṣe é. Ọjà àwìn tí wọ́n gbà lọ́wọ́ olówó kò sí nínú rẹ̀. Àjọ tí wọ́n ti kó tí wọn kò tíì dá tán kò sí nínú rẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni oníbàárà tó ti gba ọ̀dọ̀ ẹlòmíràn lọ kò sí nínú rẹ̀.

Ní Amẹ́ríkà, àjọ ààbò iná NFPA, tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1896, gbìyànjú láti ka gbogbo rẹ̀ pọ̀ fún ọdún 2014. Àpapọ̀ rẹ̀ jẹ́ bílíọ̀nù dọ́là 328.5, ìyẹn ìdá 1.9 nínú ọgọ́rùn-ún ohun tí gbogbo orílẹ̀-èdè náà pèsè lọ́dún yẹn. Nínú rẹ̀, bílíọ̀nù 273.1 ni wọ́n ná láti dènà iná tàbí láti múra dè é: owó panápaná, àfikún owó ìkọ́lé kí ilé lè bá òfin iná mu, owó ẹ̀rọ, owó adójútòfò. Ohun tí iná fúnra rẹ̀ jẹ, pẹ̀lú ẹ̀mí tó bá a lọ tí wọ́n fi owó díwọ̀n, jẹ́ bílíọ̀nù 55.4.

Ọ̀nà méjì ni wọ́n ń gbà ka ìṣirò yìí. Àwọn kan ní owó ìdáàbòbò tó pọ̀ yẹn ló jẹ́ kí àdánù kéré. Àwọn mìíràn ní ẹni tó fi náírà márùn-ún ṣọ́ náírà kan kò gbọ́n, pé àwọn tó ń ta ẹ̀rọ àti àwọn tó ń ṣòfin ń gbè sẹ́yìn ara wọn. Ìṣirò náà fúnra rẹ̀ kò lè dá ẹjọ́ yìí, nítorí kò sẹ́ni tó mọ iye tí ìbá jó bí wọn kò bá ná owó náà. Síbẹ̀, ó kọ́ wa ní ohun kan: gbogbo ìlú ló ń san owó iná. Àwọn kan ń san án díẹ̀díẹ̀ lọ́wọ́ gbogbo ènìyàn kó tó ṣẹlẹ̀, àwọn kan ń dúró kí ó ṣẹlẹ̀, kí ẹni tó bọ́ sí lọ́wọ́ san gbogbo rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà.

Kì í ṣe òní ni a bẹ̀rẹ̀ èyí kejì yìí. Samuel Johnson kọ ọ́ sínú ìwé ìtàn Yorùbá rẹ̀ pé bí àrá bá sán lu ilé láyé àtijọ́, àwọn oníṢàngó yóò ya wọ ibẹ̀, wọn yóò kó ẹrù tí wọ́n bá bá, onílé yóò sì tún san owó ètùtù lé e. Ẹni tí iná jó náà ló tún san owó iná.

Àwọn tó ní iná mọ̀nàmọ́ná ni

Èyí ni èsì tó máa ń kọ́kọ́ jáde, àlàyé rẹ̀ kò sì ṣòro láti gbà. Òru ni ọ̀pọ̀ iná ọjà ń sọ, nígbà tí ọjà ti tú, tí kò sí ẹni tó ń dáná. Wọ́n mú iná lọ lọ́sàn-án. Oníṣọ́ọ̀bù ti ìlẹ̀kùn láì pa súwíìṣì fáànù tàbí ti áyọ́ọ̀nù aránṣọ. Bí iná bá dé lóru, tó sì wọlé pẹ̀lú agbára tó ju bó ṣe yẹ lọ, wáyà tín-ín-rín kan ṣoṣo tí ṣọ́ọ̀bù mẹ́wàá so mọ́ yóò gbóná, rọ́bà ara rẹ̀ yóò yọ́, ó di ara páálí àti aṣọ. Fi ọyẹ́ kún un, tí gbogbo nǹkan ti gbẹ kanra, àti ọjà ọdún Kérésì tí wọ́n tò dé àjà, ìwọ yóò mọ ìdí tí a kì í fi sùn dáadáa láti oṣù Kejìlá dé oṣù Kejì. Àwọn tó mọ iṣẹ́ iná tún ń tọ́ka sí wáyà ayédèrú, tí bàbà inú rẹ̀ kò tó iye tí wọ́n kọ sí i lára. Jẹnẹrétọ̀ àti kẹ́ẹ̀gì epo bẹntiróòlù tó ń jókòó tì í náà wà níbẹ̀. Ohun tí epo tí wọ́n kó pamọ́ lè ṣe, àwọn ará Sèmè-Podji ní Benin rí i lọ́jọ́ 23, oṣù Kẹsàn-án, 2023, nígbà tí ilé ìkó-epo-fàyàwọ́ sí gbaná, tí ó kéré tán ènìyàn 34 sì bá a lọ.

Agbára ìdáhùn yìí ni pé àtúnṣe rẹ̀ kò wọ́n. Súwíìṣì kan tó ń gé iná gbogbo ọjà nígbà tí wọ́n bá ti géètì lálẹ́ kò tó owó ọjà tó wà nínú ṣọ́ọ̀bù aláṣọ kan.

Àìlera rẹ̀ méjì ni. Èkíní, ó máa ń jáde kí eérú tó tutù. Àyẹ̀wò ohun tó fa iná jẹ́ iṣẹ́ ọ̀tọ̀, ó gba àkókò àti irinṣẹ́, iná sì ti jẹ púpọ̀ nínú ẹ̀rí. Nítorí náà "iná mọ̀nàmọ́ná" ti di orúkọ tí a ń pe ohun tí a kò wádìí. Èkejì ló ṣe pàtàkì jù lójú tèmi: ó sọ ibi tí iná ti bẹ̀rẹ̀, kò sọ ìdí tí odindi ọjà fi bá a lọ. Wáyà ń jó ní ilé gbígbé lójoojúmọ́, kì í sì í jó gbogbo àdúgbò.

Àwọn tó dá panápaná lẹ́bi

Ní ojú pópó, àwọn wọ̀nyí ló pọ̀ jù. Wọ́n pẹ́ kí wọ́n tó dé; nígbà tí wọ́n dé, omi wọn tán. Iṣẹ́ panápaná kì í ṣe nǹkan tuntun nílẹ̀ yìí: láti 1901 ni ẹ̀ka panápaná ti wà lábẹ́ ọlọ́pàá ní Èkó, òfin panápaná ìjọba àpapọ̀ sì jáde ní 1963. Lẹ́yìn gbogbo ọdún wọ̀nyí, ó yẹ kí ènìyàn lè béèrè ibi tí omi wà.

Panápaná náà ní èsì. Wọ́n ní àwọn ènìyàn máa ń fi bọ́kẹ́ẹ̀tì gbìyànjú fún ìgbà pípẹ́ kí wọ́n tó pè wọ́n. Pé ìsọ̀ ti gba títì, ọkọ̀ kò rí ọ̀nà wọlé. Pé bí wọ́n bá dé, òkúta ni àwọn ọ̀dọ́ tó ń bínú fi ń kí wọn káàbọ̀. Ní ti omi, ìṣirò rẹ̀ kò le. Ọkọ̀ tó gbé lítà 10,000, bí ó bá ń tú lítà 2,000 jáde ní ìṣẹ́jú kan, ìṣẹ́jú márùn-ún ni yóò fi gbẹ. Kò sí ọkọ̀ panápaná kankan láyé tí omi inú rẹ̀ nìkan lè pa ọjà. Àwọn ìlú tí wọ́n ti ń pa iná ńlá ní páìpù omi lábẹ́ títì, tí ẹnu rẹ̀ yọ síta lẹ́bàá ọ̀nà, tí panápaná ń so rọ́bà mọ́. Níbi tí omi ẹ̀rọ ìjọba kì í ti í yọ nínú ilé, ẹnu páìpù ẹ̀bá títì kò lè ṣe jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Kí a má rò pé àwa nìkan ni. Lọ́jọ́ 2, oṣù Kẹsàn-án, 2018, ilé ohun-ìṣẹ̀ǹbáyé ti ìjọba àpapọ̀ ní Rio de Janeiro jó. Ẹnu páìpù méjèèjì tó wà nítòsí kò ní omi tó lè ṣe iṣẹ́, ọkọ̀ ni wọ́n fi lọ gbé omi wá. Lára ohun tó jóná ni àga tí ọba Adandozan ti Dàhọ̀mì fi ránṣẹ́ sí Dom João, ọmọ ọba Pọ́túgà, ní 1811, àga tó ti la òkun já, tó sì lé ní igba ọdún.

Níbo ni àwọn tó dá panápaná lẹ́bi ti kùnà? Níbi aago. Ilé ìdánwò UL ní Amẹ́ríkà dáná sí yàrá méjì: ọ̀kan kún fún àga igi àti òwú ti ayé àtijọ́, èkejì kún fún fóòmù àti oríṣi aṣọ tí a ń lò lónìí. Yàrá àtijọ́ lé ní ìṣẹ́jú 29 kí gbogbo rẹ̀ tó gbaná. Ti òde òní kò tó ìṣẹ́jú márùn-ún. Bẹ́ẹ̀, ní Lọ́ńdọ̀nù pàápàá, tí títì wọn mọ́, ìṣẹ́jú mẹ́fà ni ìpíndọ́gba tí panápaná wọn ń lépa fún ọkọ̀ àkọ́kọ́. Èyí já sí pé panápaná tó dára jù kò lè gba ṣọ́ọ̀bù tí iná ti bẹ̀rẹ̀ là. Ṣọ́ọ̀bù tó kàn án ni ó lè gbà. Ọjà wa kún fún fóòmù, pólísítà, ike àti bàtà rọ́bà, ṣọ́ọ̀bù tó kàn án kò sì jìnnà.

Àwọn tó ní ilé àti ọ̀nà ni

Ẹgbẹ́ yìí, tí àwọn ayàwòrán-ilé àti àwọn olùtọ́jú ìlú pọ̀ nínú wọn, ló ń dáhùn ìbéèrè tí àwọn méjì àkọ́kọ́ fi sílẹ̀: kí ló ń mú iná ràn? Wọ́n ní púpọ̀ nínú ilé Ìsàlẹ̀ Èkó jẹ́ ilé gbígbé tí a sọ di ọjà láì tún un kọ́. Àtẹ̀gùn kan ṣoṣo ló ní, ẹrù sì ti gba ìdajì rẹ̀. Irin adènà-olè wà lójú fèrèsé. Pákó ni wọ́n fi pín yàrá kan sí ìsọ̀ mẹ́rin. Òkè pátápátá, ibi tí rọ́bà panápaná kò ti ní dé, ni wọ́n sọ di ilé ìkẹ́rù. Orílẹ̀-èdè yìí ti ní ìlànà ìkọ́lé láti 2006. Ilé wọ̀nyí ti wà ṣáájú rẹ̀, àwọn tó dé lẹ́yìn rẹ̀ kò sì fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀.

Ìtàn wà lẹ́yìn wọn. Nígbà tí koríko àti ewé ṣì bo òrùlé Èkó, iná a máa fò láti orí ilé kan sí òmíràn. Páànù dé, eré yẹn sì dínkù gidi. Wọ́n pààrọ̀ ohun tí a fi kọ́lé, iná yí ìwà padà.

Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí a padà sórí òwe wa. Ọjà Tẹ́júoṣó ní Yábàá jó ní 2007. Wọ́n tún un kọ́ pẹ̀lú àwọn aládàáni, wọ́n sì ṣí i ní 2014: ilé alájà, àtẹ̀gùn tó ń gbéra fúnra rẹ̀, gbogbo ohun tí àwọn olùtọ́jú ìlú ń fẹ́. Ẹwà bù sí i. Púpọ̀ nínú àwọn tí iná lé jáde kò lágbára owó ṣọ́ọ̀bù tuntun náà. Ọjà Oyíngbò tuntun, tí wọ́n ṣí ní 2015, wà níbẹ̀ tí ọ̀pọ̀ ìsọ̀ inú rẹ̀ ṣófo fún ìgbà pípẹ́, nígbà tí àwọn ìyálọ́jà ń tajà lójú títì níwájú rẹ̀. Ẹni tí owó ilé ọlọ́nà iná lé jáde yóò pàtẹ sí ibòmíràn tí kò ní ọ̀nà iná. Ilé tó dára ń dín iná kù; ibi tí mo ti ń ṣiyèméjì ni bóyá ọjà ló dáàbò bò tàbí ọlọ́jà ni ó pààrọ̀.

Àwọn tó ní wọ́n fọwọ́ fà á ni

A kò lè fò ó, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹ̀rí rẹ̀ ló kéré jù. Ó ní orí mẹ́ta: wọ́n fẹ́ gba ilẹ̀, wọ́n fẹ́ jó ìwé owó, tàbí ọ̀rọ̀ òṣèlú ni. Ilé gogoro NET ní Marina ní Èkó jó ní 1983, àhesọ pé ìwé ìṣirò owó ni wọ́n fẹ́ fi bò mọ́lẹ̀ kò sì tíì kú. Ní Togo, ọjà ńlá Kara àti ti Lomé jó láàárín ọjọ́ mélòó kan síra ní oṣù Kìn-ín-ní, 2013. Panápaná Ghana sọdá ẹnubodè wá ran ti Lomé lọ́wọ́, nígbà tó yá àwọn olóṣèlú alátakò sì wọ àtìmọ́lé lórí rẹ̀.

Ohun tó ń bọ́ ìfura yìí ni pé a kì í tẹ àbọ̀ ìwádìí jáde. Bí ìjọba bá wó ilé tó jó, tí wọ́n sì gbé ilẹ̀ náà fún oníṣòwò ńlá, kò sí àlàyé tí yóò wọ etí ẹni tó pàdánù. Síbẹ̀, ẹni tí ọjà jó fún ní àǹfààní kì í ṣe dandan pé òun ló jó o. Bí a bá sì gba pé ọ̀tá ló ń ṣe é, kò sí ẹni tí yóò ra wáyà tó dára.

Àwọn tó ní kí a ra ẹ̀rọ

Ilé iṣẹ́ tó ń ta ààbò iná ń gbèrú, ọjà wọn sì wà lára ògiri ọ́fíìsì gbogbo: sìlíńdà pupa, agogo tó ń gbọ́ òórùn èéfín, bọ́ọ̀lù tí a ń jù sínú iná. Èyí tó lágbára jù ni sprinkler, àwọn ẹnu páìpù kéékèèké tí a tò sí àjà ilé. Henry Parmelee ní New Haven ló ṣe ọ̀kan lára àwọn àkọ́kọ́ tó wúlò, ní 1874, nítorí ilé iṣẹ́ dùùrù rẹ̀. Gíláàsì kékeré tó wà lẹ́nu ti òde òní máa ń fọ́ bí ooru bá tó bíi 68°C, omi a sì tú. Irọ́ fíìmù ni pé gbogbo wọn ń tú pọ̀. Èyí tí iná wà lábẹ́ rẹ̀ nìkan ló ń ṣí. Lójú ìṣẹ́jú márùn-ún tí a sọ lẹ́ẹ̀kan, ẹ̀rọ nìkan ló lè dé kí ó tó pẹ́, nítorí pé ó ti wà níbẹ̀.

Àwọn alátakò kò sẹ́ èyí. Wọ́n ní kí a wo ohun tí ó gbà. Sprinkler ń fẹ́ omi tí kò dá, kànga, táńkì ńlá, ẹ̀rọ tó ń fa omi àti dísù tí yóò gbé e ṣiṣẹ́ nígbà tí iná ọba bá lọ. Nínú ọjà tí ilé ìyàgbẹ́ kò ti ní omi, owó rẹ̀ ga. Sìlíńdà pupa rọrùn ní tirẹ̀, ṣùgbọ́n oríṣi rẹ̀ pọ̀: ti omi kò ṣe é fọ́n sí iná mọ̀nàmọ́ná, bẹ́ẹ̀ ni kò ṣe é fọ́n sí òróró tó ń jó. Ó ń fẹ́ àyẹ̀wò lọ́dọọdún, kí atọ́ka ara rẹ̀ ṣì wà lójú ewéko. Èyí tí wọ́n rà kí ìwé àṣẹ lè jáde, tí wọn kò tún wò mọ́, irin lásán ni. Ohun kan sì wà tí àwọn olùtà kì í sọ: òru ni ọjà ń jó, sìlíńdà sì wà nínú ṣọ́ọ̀bù tí a fi àgádágodo mẹ́ta tì. Ọdẹ tó wà níta kò lè mú un. Bí sìlíńdà yóò bá wúlò lọ́jà, ìta ni yóò wà, níbi tí olè ti lè jí i.

Ta ló sì ń ṣọ́ àwọn tó ń ta ààbò? Ilé Grenfell ní Lọ́ńdọ̀nù, tí ènìyàn 72 kú nínú rẹ̀ lọ́jọ́ 14, oṣù Kẹfà, 2017, wà ní orílẹ̀-èdè tí òfin àti ìwé ẹ̀rí rẹ̀ pọ̀ rẹpẹtẹ. Fíríìjì kan ló bẹ̀rẹ̀ iná náà. Ohun tí wọ́n fi bo ara ilé níta ló gbé e dé òkè. Àbọ̀ ìwádìí ìkẹyìn, tí ó jáde ní oṣù Kẹsàn-án, 2024, sọ ọ́ gbangba pé àwọn ilé iṣẹ́ tó ṣe ohun ìbolé wọ̀nyẹn hùwà àìṣòótọ́ nípa èsì ìdánwò ọjà wọn. Bí ìwé ẹ̀rí bá lè tan Lọ́ńdọ̀nù jẹ, ẹni tó ń ra sìlíńdà lẹ́bàá ọ̀nà ní Ìbàdàn ní ìdí láti ṣọ́ra.

Àwọn tó ní adójútòfò ló kù

Ìdáhùn yìí ni mo fẹ́ pẹ́ lórí rẹ̀ jù, nítorí òun nìkan ló kojú ọ̀rọ̀ owó ní tààrà.

Ìtàn Lọ́ńdọ̀nù ni àwọn tó dúró lórí rẹ̀ fẹ́ràn. Iná ńlá ọdún 1666 jó ilé bí 13,200. Kò pé ogún ọdún lẹ́yìn rẹ̀ tí Nicholas Barbon fi dá ilé iṣẹ́ adójútòfò iná sílẹ̀. Àwọn adójútòfò náà rí i pé bí ilé kò bá jó, owó wọn kò ní lọ; nítorí náà àwọn fúnra wọn ló gba panápaná síṣẹ́, tí wọ́n sì kan àmì irin mọ́ ara ilé oníbàárà. Ní 1833 wọ́n pa panápaná wọn pọ̀ sí ọ̀kan. Ní 1866 ni ìjọba tó gbà á lọ́wọ́ wọn. Níbẹ̀, owó ló bí panápaná.

Àwa náà ní òfin. Abala 65 òfin adójútòfò ti 2003 sọ pé gbogbo ilé tí ará ìlú ń wọ̀ láti rajà, láti kàwé tàbí láti gba ìtọ́jú, títí kan ilé tí ayálégbé ń gbé, gbọ́dọ̀ ní adójútòfò lórí iná, ìwólulẹ̀, ìjì àti omíyalé. Adójútòfò náà gbọ́dọ̀ bo gbèsè tí onílé yóò jẹ ẹni tí ó bá pàdánù dúkìá, tó bá farapa tàbí tó bá kú nínú ilé náà. Ìjìyà ẹni tó bá rú òfin nígbà náà ni 100,000 náírà, ẹ̀wọ̀n ọdún kan, tàbí méjèèjì. Ó tún ní kí àwọn adójútòfò máa yọ ìdá 0.25 nínú ọgọ́rùn-ún owó tí wọ́n bá gbà lórí rẹ̀ sápò kan tí a ó fi máa tọ́jú iṣẹ́ panápaná. Òfin adójútòfò tuntun, NIIRA, tí Ààrẹ Bọ́lá Tinúbú fọwọ́ sí ní 2025, ti rọ́pò ti 2003, kò sì mú dandan náà kúrò. Lórí ìwé, ohun tí Lọ́ńdọ̀nù fi igba ọdún kọ́ ti wà lọ́wọ́ wa.

Ní ìṣe, owó adójútòfò gbogbo ní Nàìjíríà kò tó ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún ọrọ̀ ajé orílẹ̀-èdè. Kí ló dé? Àwọn ọlọ́jà ní wọn kò gbẹ́kẹ̀ lé e: owó yá wọn láti gbà, kì í yá wọn láti san. Àwọn adójútòfò ní ọlọ́jà kì í kọ ìwé ọjà sílẹ̀, báwo ni wọn yóò ṣe mọ iye tó wà nínú ṣọ́ọ̀bù? Àwọn Mùsùlùmí kan ní èlé àti tẹ́tẹ́ wà nínú rẹ̀. Èyí ni takaful, adójútòfò ní ìlànà Ìsìláàmù, tí NAICOM, àjọ tó ń ṣàkóso iṣẹ́ adójútòfò, gbé ìlànà rẹ̀ jáde ní 2013, wá dáhùn. A kò sì lè gbàgbé pé àwọn ọlọ́jà ní ètò tiwọn: àjọ, èésú, ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù. Ètò wọ̀nyí lè gbé ẹnì kan tó ṣubú. Wọn kò lè gbé gbogbo ọmọ ẹgbẹ́ tí ó ṣubú lóru ọjọ́ kan náà, bẹ́ẹ̀ ohun tí iná ọjà ń ṣe gan-an nìyẹn. Nítorí náà ni ọlọ́jà Akẹ̀sán ṣe nílò ẹni tí ọjà rẹ̀ wà níbòmíràn láti bá a dá owó pọ̀.

Àìlera òfin náà wà níbi tí kò pariwo sí. Gbèsè onílé ló bò, onílé yóò sì jẹ gbèsè nígbà tí a bá lè fi hàn pé ẹ̀bi rẹ̀ ni. A sì ti rí bí ìwádìí wa ṣe ń lọ. Ọjà inú ṣọ́ọ̀bù kò sí nínú rẹ̀ bí kò ṣe pé ọlọ́jà ra tirẹ̀. Onílé tí wọ́n bá sì fipá mú láti ra ìwé adójútòfò yóò da owó rẹ̀ lé owó ilé.

Olùdíje kan tún wà tí àwọn adójútòfò kì í dárúkọ, ìyẹn gómìnà. Lẹ́yìn iná, gómìnà á wá, á ṣèlérí. Nígbà mìíràn ìlérí náà ń ṣẹ: ìjọba Ọ̀yọ́ tún Akẹ̀sán kọ́. Nígbà mìíràn ẹ̀wẹ̀, ọjà ńlá Jos jó ní 2002, ogún ọdún kọjá kò sí ọjà tuntun níbẹ̀. Ìjọba ni adójútòfò tí kì í gba owó oṣù, tí kò sì sí ìwé tí ẹnikẹ́ni lè fi mú un. Níwọ̀n ìgbà tí ìrètí yẹn bá wà, ta ni yóò san owó fún òmíràn?

Ohun tí kò tíì yanjú

Lójú tèmi, àwọn tó ń sọ̀rọ̀ ilé àti àwọn tó ń sọ̀rọ̀ adójútòfò ló sún mọ́ òótọ́ jù, ṣùgbọ́n wọn kì í bá ara wọn sọ̀rọ̀. Adójútòfò tó bá ń wo wáyà àti àtẹ̀gùn kó tó tọwọ́ bọ ìwé yóò ṣe ju olùbẹ̀wò ìjọba mẹ́wàá lọ. Èyí tó bá ń gba owó láì wò ó kò ṣe nǹkan kan. Èwo nínú méjèèjì ni òfin 2025 yóò bí, a kò tíì rí i.

Ìbéèrè mìíràn ṣì wà nílẹ̀. Ta ni yóò máa wádìí ohun tó fa iná, ṣé panápaná tó pa á ni, àbí ẹlòmíràn tí kò ní ẹjọ́ tirẹ̀ nínú rẹ̀? Ṣé a lè rí ọjà tí ó le fún iná, tí owó ìsọ̀ rẹ̀ kò sì ní le fún ìyá tó ń ta ata? Kí ni yóò gba ipò omi ẹ̀rọ ní ìlú tí kò ní in? Àpò 0.25 yẹn ńkọ́: èló ló ti wọ inú rẹ̀ láti 2003, ọkọ̀ mélòó ni wọ́n fi rà? Ó yẹ kí èyí wà níta gbangba, kí ọlọ́jà lè kà á bó ṣe ń ka owó àjọ rẹ̀.

Ẹ̀yin tí ẹ ní ìsọ̀ nínú ilé ẹlòmíràn, kí ẹ tó san owó ilé tí ń bọ̀, ẹ béèrè ìwé adójútòfò ilé náà lọ́wọ́ onílé. Ẹ wo ọjọ́ tí yóò parí, kí ẹ sì wo bóyá orúkọ ilé iṣẹ́ tó fún un wà lára àwọn tí NAICOM fún ní ìwé àṣẹ. Òfin ti ní kí ó ní in.